Fíìmù Adẹ́rùbani Olówó Kékeré: Ṣé Èèyàn Lè Jẹun Nídìí Rẹ̀?

Ìbéèrè: Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú iṣẹ́ o. Ọmọ ọdún 29 ni mí, iṣẹ́ ẹ́dítì ni mò ń ṣe ní ilé-iṣẹ́ kan tó ń ya fídíò ìpolówó. Mo ti ṣe fíìmù kúkúrú méjì, àwọn tó wò ó sì ní ẹ̀rù bà wọ́n. Mo ti tọ́jú owó díẹ̀, mo ní ìtàn kan tí èmi fúnra mi kì í lè kà lóru, mo sì ní ọ̀rẹ́ kan tó ní kámẹ́rà tirẹ̀. Mo fẹ́ kọ̀wé fi iṣẹ́ sílẹ̀ kí n lè gbájú mọ́ gbígbé fíìmù adẹ́rùbani jáde. N ò ní ilé-iṣẹ́ ńlá kankan lẹ́yìn. Ṣé èèyàn lè jẹun nídìí iṣẹ́ yìí? Ibo ni kí n ti bẹ̀rẹ̀? Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fi ohunkóhun pa mọ́ fún mi.

Ìdáhùn: Àbúrò mi, o ṣeun tí o kọ̀wé. Èèyàn lè jẹun nídìí ẹ̀. Èmi náà ti ń jẹun nídìí ẹ̀ láti nǹkan bí ogún ọdún. Ṣùgbọ́n fíìmù kan ṣoṣo kọ́ ló máa bọ́ ẹ, fíìmù àkọ́kọ́ gan-an ló sì ṣeé ṣe kó jẹ ẹ́ lówó jù. Nítorí náà, má tíì kọ̀wé fi iṣẹ́ sílẹ̀. Fara balẹ̀ kí n sọ ìdí ẹ̀ fún ẹ.

Gbogbo ẹni tó bá wọ iṣẹ́ yìí ló ti gbọ́ ìtàn méjì kan náà. Àkọ́kọ́ ni ti Paranormal Activity, tí Oren Peli yà nínú ilé ara rẹ̀ pẹ̀lú nǹkan bí 15,000 dọ́là, tó wá pa owó tó lé ní mílíọ̀nù 190 dọ́là ní sinimá káàkiri ayé. Èkejì ni ti The Blair Witch Project, tí wọ́n fi ìwọ̀nba ẹgbẹẹgbẹ̀rún dọ́là yà, tó pa nǹkan bí mílíọ̀nù 248 lọ́dún 1999. Òótọ́ ni méjèèjì. Ṣùgbọ́n wo ibi tí ẹnu àwọn tó ń sọ ìtàn náà kì í dé. Ní àjọ̀dún fíìmù Sundance, mílíọ̀nù kan lé díẹ̀ dọ́là ni ilé-iṣẹ́ tó ń pín fíìmù fi ra Blair Witch. Kí ó tó ti orí mílíọ̀nù kan dé orí mílíọ̀nù 248, ẹni tó rà á náwó ìpolówó gidi gan-an, àpò ẹni tó náwó yẹn ni èrè sì kọ́kọ́ ń wọ̀. Lọ́dún 2024, ìyẹn ọdún 25 lẹ́yìn tí fíìmù náà jáde, àwọn òṣèré mẹ́ta tó ṣe é ṣì kọ lẹ́tà síta gbangba láti bèèrè owó tí wọ́n ní ó tọ́ sí wọn.

Ibi tí mò ń lọ nìyí. Kí fíìmù dẹ́rù bani, iṣẹ́ olùdarí nìyẹn. Iṣẹ́ tìẹ gẹ́gẹ́ bí olùgbéjáde ni kí fíìmù náà ṣì jẹ́ tìẹ, kó sì ṣeé tà, lẹ́yìn tí gbogbo àwọn tó bá ẹ ṣe é ti palẹ̀ mọ́ lọ sílé. Ẹni tí kò bá mọ ìyàtọ̀ yìí, á máa ṣe fíìmù tó dáa fún ẹlòmíì jẹ.

Kí ló dé tó fi jẹ́ fíìmù adẹ́rùbani ni àwọn tí kò lówó ń sá tọ̀, tí kì í ṣe ti ìfẹ́ tàbí ti àwàdà? Ẹni tó bá fẹ́ wo fíìmù ìfẹ́ á kọ́kọ́ bèèrè pé ta ló wà níbẹ̀. Ẹni tó bá fẹ́ kí ẹ̀rù ba òun ò bèèrè orúkọ ẹnikẹ́ni, ó kàn fẹ́ mọ̀ bóyá òun á lè dá sùn lálẹ́ ọjọ́ yẹn. Yàtọ̀ síyẹn, ẹ̀rù kò nílò ògbufọ̀. Àwàdà tó pa wọ́n lẹ́rìn-ín ní ilẹ̀ kan lè tutù bí omi àná ní ilẹ̀ kejì, àmọ́ ilẹ̀kùn tó ń ṣí fúnra rẹ̀ lóru, kò sí ibi tí wọn ò ti gbọ́ èdè yẹn. Ìyẹn ni alágbàtà fi lè ta fíìmù kan náà sí orílẹ̀-èdè mẹ́wàá.

Ìdí kan ṣì kù, òun ni mo sì fẹ́ràn jù. Nídìí fíìmù adẹ́rùbani, àìlówó lè di ọgbọ́n. Lọ́dún 1942, ilé-iṣẹ́ RKO ní Amẹ́ríkà gbé ẹ̀ka fíìmù adẹ́rùbani fún ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Val Lewton. Wọ́n ní owó fíìmù kọ̀ọ̀kan kò gbọdọ̀ kọjá 150,000 dọ́là, gígùn rẹ̀ kò gbọdọ̀ kọjá ìṣẹ́jú 75, àwọn ọ̀gá ni yóò sì máa yan àkọlé. Àkọlé àkọ́kọ́ tí wọ́n gbé lé e lọ́wọ́ ni “Cat People”. Ẹlòmíì á ti ránṣọ ẹranko wọ òṣèré lọ́rùn, gbogbo sinimá á sì bú sẹ́rìn-ín. Lewton mọ̀ pé òun kò lówó ẹranko tí èèyàn máa gbà gbọ́, ló bá gbé ẹranko náà pa mọ́ sínú òkùnkùn. Obìnrin kan ń dá rìn lóru, à ń gbọ́ kò-kò-kò bàtà ẹni tó ń tẹ̀ lé e. Bàtà náà ṣàdédé dákẹ́. Obìnrin náà yára, ó wẹ̀yìn, kò rí nǹkan kan. Àfi “ṣíììì” lójijì, ló bá di pé gbogbo èèyàn fò lórí ìjókòó. Bọ́ọ̀sì ni. Bọ́ọ̀sì lásán tó wá dúró. Títí dòní, “bọ́ọ̀sì Lewton” ni àwọn oníṣẹ́ fíìmù ń pe irú ìdẹ́rùbà bẹ́ẹ̀. Kí o sì ṣàkíyèsí pé kì í ṣe Lewton ló darí fíìmù náà, Jacques Tourneur ni. Olùgbéjáde ni Lewton, ẹni tó mọ iye tó wà lápò tó sì mọ ohun tí iye yẹn lè rà. Orúkọ rẹ̀ ló sì lẹ̀ mọ́ bọ́ọ̀sì yẹn.

Wàyí o, gbé ìtàn rẹ tí o kì í lè kà lóru yẹn, kí o kà á lọ́sàn-án gangan pẹ̀lú bírò pupa lọ́wọ́. Ibikíbi tí ìtàn bá ti kúrò níbi kan lọ síbòmíì, fà á nílà. Ibi tí ẹ̀dá tuntun bá ti yọjú, fà á nílà. Ọmọdé, ẹranko, omi, iná, ọkọ̀ tó ń sáré, ìta gbangba lóru: fa ìlà méjì. Ìlà kọ̀ọ̀kan, owó ni. Ìwọ̀n eku nìwọ̀n ìtẹ́. Ilé kan, òṣèré mẹ́rin sí márùn-ún, ọjọ́ 12 sí 18, ibi tí fíìmù àkọ́kọ́ ti máa ń ṣeé ṣe láìwọ gbèsè nìyẹn. Òru pàápàá, má jẹ́ kó tàn ẹ́. Ìta lóru ń jẹ iná, ó ń jẹ wákàtí, ó sì ń sọ àwọn òṣìṣẹ́ di òkú tó ń rìn kí fíìmù tó nílò òkú tó ń rìn. Inú ilé ni kó o ti ya òru rẹ, lọ́sàn-án, pẹ̀lú aṣọ dúdú lójú fèrèsé. Kò sẹ́ni tó máa mọ̀.

Bí o bá fẹ́ rí bí wọ́n ṣe ń ṣọ́wó ná, wo bí wọ́n ṣe ṣe Halloween lọ́dún 1978. Owó rẹ̀ lé díẹ̀ ní 300,000 dọ́là, nǹkan bí ogún ọjọ́ ni wọ́n sì fi yà á. Ìgbà ìrúwé ni wọ́n yà á ní gúúsù Califóníà, bẹ́ẹ̀ ìgbà tí ewé ń wọ́ dànù ni ìtàn náà ń sọ. Wọ́n kun ewé láwọ̀, wọ́n dà á sílẹ̀, wọ́n yàwòrán tán, wọ́n sì tún ṣà á padà sínú àpò láti lò níbòmíì. Ìbòjú apànìyàn náà, ìbòjú Captain Kirk ni, ọ̀gá ọkọ̀ gbalasa òfuurufú inú eré tẹlifíṣọ̀n Star Trek, tí kò tó dọ́là méjì. Wọ́n kùn ún ní funfun, wọ́n sì fẹ ihò ojú rẹ̀. Gbogbo ayé ló máa ń sọ ti ìbòjú yẹn. Èyí tí àwa olùgbéjáde ń sọ láàárín ara wa ni ti Donald Pleasence. Òun nìkan ni orúkọ tí àwọn èèyàn mọ̀ nínú fíìmù náà, wọ́n san 20,000 dọ́là fún un, ọjọ́ márùn-ún péré ló sì fi ṣiṣẹ́. Wọ́n kó gbogbo ibi tó ti máa hàn jọ sínú ọjọ́ márùn-ún yẹn. Lójú ẹni tó wò ó, ó wà nínú fíìmù náà látòkè délẹ̀. Bí o bá lè rí òṣèré kan tí ojú rẹ̀ kò ṣàjèjì, ra ọjọ́ méjì lọ́wọ́ rẹ̀, kí o sì jẹ́ kí òǹkọ̀wé rẹ to ìtàn yí ọjọ́ méjì yẹn ká.

Ohùn! Ẹ̀yin ẹlẹ́dítì mọ̀ ọ́n, ṣùgbọ́n ẹ máa ń gbàgbé tó bá di ọ̀rọ̀ owó. Àwòrán tó ṣú díẹ̀, òǹwòran á sọ pé bí ìtàn ṣe rí ni. Ohùn tó ń hó, á pa á kó lọ wo nǹkan míì. Etí ni ẹ̀rù ń gbà wọlé, nítorí náà ẹni tó ń gba ohùn sílẹ̀ kò gbọdọ̀ jẹ́ ẹni tó wá ràn yín lọ́wọ́ lásán. San owó fún un kí o tó san owó lẹ́ńsì. Ọgbọ́n kékeré kan tí gbogbo wa ń lò: bí ẹ bá máa yọ fíríìjì inú ilé onílé kúrò nínú iná torí ariwo rẹ̀, fi kọ́kọ́rọ́ ọkọ̀ rẹ sínú fíríìjì náà. O ò ní lè lọ sílé láìrántí tan án padà.

Ó wá kan ọ̀rọ̀ ìwé. Mo mọ̀ pé ibí ni oorun ti máa fẹ́ kùn ẹ́, ṣùgbọ́n ibí gan-an ni iṣẹ́ wa wà.

Lọ́dún 1968, George Romero àti àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ fi owó tó lé ní 100,000 dọ́là ṣe Night of the Living Dead. Ṣokoléètì olómi ni wọ́n ń lò bí ẹ̀jẹ̀, torí fíìmù dúdú-òun-funfun ni. Kì í ṣe orúkọ tó ní tẹ́lẹ̀ nìyẹn. Nígbà tí ilé-iṣẹ́ tó fẹ́ pín in yí àkọlé rẹ̀ padà, wọ́n yọ ojú ewé àkọlé àtijọ́, àmì ẹ̀tọ́ àdàkọ tó wà lórí rẹ̀ sì bá a lọ. Kò sẹ́ni tó rántí fi òmíràn sí i. Bẹ́ẹ̀, òfin Amẹ́ríkà nígbà náà ni pé iṣẹ́ tó bá jáde láìní àmì yẹn ti di ti gbogbo ayé. Bí fíìmù tó dá irú òkú-ajẹran tuntun sílẹ̀ ṣe di ohun tí ẹnikẹ́ni lè dà kọ kó sì tà láìfún àwọn tó ṣe é ní kọ́bọ̀ nìyẹn. Ojú ewé kan ṣoṣo. Láti ọdún 1989 ni òfin yẹn ti yí padà, àmì kì í ṣe dandan mọ́. Ṣùgbọ́n ọ̀nà tí fíìmù ń gbà yọ́ bọ́ lọ́wọ́ onífíìmù ṣì pọ̀.

Ẹ jẹ́ kí n fi tèmi ṣe àpẹẹrẹ, kò sí ìtìjú níbẹ̀ mọ́. Nínú fíìmù mi kejì, ọ̀rẹ́ mi kan tó jẹ́ olórin fún mi ní orin kan. Ẹnu la fi ṣe é, a bọra wa lọ́wọ́, ó parí. Orin yẹn ló ń dún nígbà tí ọmọbìnrin inú ìtàn náà ń jáde kúrò nínú ilé, òun ló gbé gbogbo ìparí náà ró. Ọdún kan kọjá, alágbàtà kan fẹ́ràn fíìmù náà, ó ní kí n kó ìwé ẹ̀tọ́ orin wá. Mo bá ọ̀rẹ́ mi lọ. Ó ní, “Ẹ̀gbọ́n, mo ti fọwọ́ síwèé pẹ̀lú ilé-iṣẹ́ kan o, orin yẹn wà lára ohun tí mo fún wọn.” Kò ṣẹ̀ mí, èmi náà ò ṣẹ̀ ẹ́. Ṣùgbọ́n a yọ orin náà, a wá ẹlòmíì, a tún gbogbo ohùn ìparí tò. Oṣù mẹ́ta ló gbà wá, alágbàtà yẹn sì ti fi owó rẹ̀ ra fíìmù ẹlòmíì. Ojú ìwé kan tí mi ò kọ lọ́jọ́ tí orin náà dé ọwọ́ mi ló gbé gbogbo ìyẹn wá.

Nítorí náà, kí o tó tan kámẹ́rà: ìwé láti ọwọ́ ẹni tó kọ ìtàn pé ó ti fi ẹ̀tọ́ rẹ̀ lé ilé-iṣẹ́ rẹ lọ́wọ́, kódà bó jẹ́ ìwọ fúnra rẹ lo kọ ọ́. Ìwé láti ọwọ́ olùdarí, òṣèré kọ̀ọ̀kan, ayàwòrán, olórin, onílé, ẹni tó ya pósítà, ẹni tó ya àwòrán tí wọ́n fi kọ́ sára ògiri ilé onílé. Bẹ́ẹ̀ ni, àwòrán ara ògiri náà ní olówó. Ẹni tó bá fẹ́ ra fíìmù rẹ á fẹ́ rí i pé ẹ̀tọ́ so kọ́ra bí ẹ̀wọ̀n, láti orí ẹni tó kọ ìtàn títí dé ọ̀dọ̀ rẹ, láìsí ibi tó já. Bó bá já níbì kan, adójútòfò tó ń dáàbò bo àwọn olùpínfíìmù lọ́wọ́ ẹjọ́ kò ní gbà ẹ́, ilé-iṣẹ́ tó ní láárí kò sì ní fọwọ́ kan fíìmù tí kò ní irú adójútòfò bẹ́ẹ̀.

Kí o sì ṣọ́ra nídìí ìlérí ìdá. Nígbà tí wọ́n ń ṣe The Texas Chain Saw Massacre, tó jáde lọ́dún 1974, wọ́n fi ìdá nínú èrè kún owó àwọn òṣèré àti òṣìṣẹ́ nítorí pé owó ọwọ́ kò tó. Ohun tí ọ̀pọ̀ wọn kò mọ̀ ni pé ìdá yẹn kì í ṣe ti fíìmù lódindi. Ìdá nínú ilé-iṣẹ́ kan ni, ilé-iṣẹ́ náà sì ní ìdajì fíìmù péré. Fíìmù náà pa owó gọbọi, àmọ́ nígbà tí àwọn tó ṣíwájú wọn ti gba tiwọn, ohun tó kan òṣèré kò tó nǹkan. Bí o bá máa ṣèlérí ìdá, kọ ọ́ sílẹ̀ pé ìdá nínú kí ni, lẹ́yìn tí wọ́n bá ti yọ kí ni kúrò. Bí kò bá ṣeé ṣàlàyé fún òṣèré kan láàárín ìṣẹ́jú méjì, má ṣèlérí ẹ̀. Owó díẹ̀ tó dé ọwọ́ lónìí sàn fún wọn ju ìlérí tó máa bà ẹ́ lórúkọ jẹ́ lọ́la. Iṣẹ́ wa kéré, gbogbo wa la mọ ara wa.

Owó wá ńkọ́? O ní o ti tọ́jú owó díẹ̀. Má ná gbogbo rẹ̀ sórí yíyà. Àṣìṣe tí mo máa ń rí jù nìyẹn: wọ́n á ya fíìmù tán, owó á tán, fíìmù á sùn sínú dúrọ́ọ̀ fún ọdún méjì. Pín owó náà sí mẹ́ta, fi ìdá kan pa mọ́ fún ohun tó ń bọ̀ lẹ́yìn yíyà: ohùn, àwọ̀, orin, agbẹjọ́rò, owó ìforúkọsílẹ̀ ní àwọn àjọ̀dún. Apá kan wà tí àwọn tuntun kì í gbọ́ orúkọ rẹ̀ rí: ohùn fíìmù tí wọ́n ti yọ gbogbo ọ̀rọ̀ ẹnu kúrò nínú rẹ̀, tó ku ìró ẹsẹ̀, ilẹ̀kùn, ẹ̀fúùfù àti orin. Òun ni orílẹ̀-èdè míì fi ń gbé ohùn tiwọn lé fíìmù rẹ. Bí o ò bá ní in, ó ti jọ pé o ti ti ilẹ̀kùn mọ́ Jámánì àti Ítálì lójú.

Bí owó rẹ kò bá tó, má ṣe máa fi ìwé ìtàn tọrọ owó kiri, nítorí olówó kì í kà á. Lọ́dún 1978, kí Sam Raimi, Robert Tapert àti Bruce Campbell tó ṣe The Evil Dead, fíìmù kúkúrú bí ìlàjì wákàtí ni wọ́n kọ́kọ́ ṣe, wọ́n sì ń gbé e kiri láti fi han àwọn dókítà eyín, agbẹjọ́rò àti oníṣòwò tó ṣeé ṣe kó fi owó sí i. Olówó tó bá ti pariwo lójú àwòrán kò nílò àlàyé púpọ̀ mọ́. Ìwọ ti ní fíìmù kúkúrú méjì. Gbé èyí tó dẹ́rù bani jù nínú méjèèjì, gé e sí ìṣẹ́jú mẹ́ta, kí o sì jẹ́ kó máa bá ẹ bẹ̀bẹ̀. Sọ fún gbogbo ẹni tó bá fowó sí i, lójúkojú àti nínú ìwé, pé owó náà lè má padà. Má yá owó ilé-ìwé ọmọ ẹnikẹ́ni.

Ní ibi iṣẹ́, bọ́ àwọn èèyàn rẹ dáadáa, má sì jẹ́ kí iṣẹ́ kọjá wákàtí 12 lóòjọ́. Oorun ló ń pa èèyàn lójú ọ̀nà nígbà tí wọ́n bá ń wakọ̀ lọ sílé. Ìbọn gidi kò gbọdọ̀ wọ ibẹ̀, bó ti wù kí ó rí. Ní oṣù kẹwàá ọdún 2021, ọta gidi tó wà nínú ìbọn tí wọ́n gbà pé kò ní ọta pa Halyna Hutchins tó ń ya fíìmù Rust. Ìbọn oníke wà, a sì lè fi kọ̀ǹpútà fi iná sí ẹnu rẹ̀. Kò sí fíìmù tó tó bẹ́ẹ̀.

Nípa títà, má kọ́kọ́ jù ú sórí íntánẹ́ẹ̀tì. Ìgbà kan ṣoṣo ni fíìmù máa ń jẹ́ tuntun. Àwọn àjọ̀dún wà tó jẹ́ ti irú fíìmù wa: Sitges ní Sípéènì, tó ti wà láti ọdún 1968, Fantasia ní Montreal láti ọdún 1996, FrightFest ní Lọ́ńdọ̀nù láti ọdún 2000. Àwọn alágbàtà ń wá síbẹ̀ láti wo ohun tuntun. Wọ́n tún máa ń pàdé ní ọjà fíìmù Cannes ní oṣù karùn-ún àti ní American Film Market ní oṣù kọkànlá. Bí Sitges kò bá gbà ẹ́, kì í ṣe òpin ayé. Àjọ̀dún kéékèèké tí àwọn òǹwòran ti máa ń pariwo nínú òkùnkùn pọ̀, ariwo wọn tí o bá gbà sílẹ̀ á sì wúlò fún ìpolówó.

Ní ti pósítà àti àkọlé, má kánjú ṣe wọ́n: ẹni tó bá ń wá fíìmù lórí ẹ̀rọ, àwòrán tí kò tóbi ju èékánná lọ ló máa kọ́kọ́ rí. Fi pósítà rẹ hàn lórí fóònù kí o tó gbà á. William Castle mọ èyí kí fóònù tó dé. Lọ́dún 1958, nígbà tí fíìmù rẹ̀ Macabre kò ní nǹkan kan tó yọ ọ́ sọ́tọ̀, ó fún gbogbo ẹni tó bá ra tíkẹ́ẹ̀tì ní ìwé adójútòfò 1,000 dọ́là, bí ẹ̀rù bá pa wọ́n nínú sinimá. Èrò wọ́ síbẹ̀.

Tí alágbàtà bá wá dé, ibẹ̀ ni kí o ti jókòó dáadáa. Ó máa ń gba ìdá 15 sí 25 nínú 100, kò burú, iṣẹ́ ló ṣe. Ìnáwó ló máa ń gbé owó rẹ mì. Ká sọ pé ó ta fíìmù rẹ ní 40,000 dọ́là. Ó yọ ìdá 20 tirẹ̀, ìyẹn 8,000. Ó wá mú ìwé ìnáwó jáde: àga ní ọjà Cannes, pósítà, tíkẹ́ẹ̀tì ọkọ̀ òfuurufú, oúnjẹ, gbogbo rẹ̀ 25,000. Ó ku 7,000 fún ẹ, lẹ́yìn ọdún méjì. Bí wọn ò bá fi gbèdéke sí ìnáwó nínú àdéhùn, ó lè máà ku nǹkan kan rárá, kò sì jí ẹ ní kọ́bọ̀ lójú òfin. Nítorí náà, kọ iye tí ìnáwó kò gbọdọ̀ kọjá. Kọ ọ́ pé o lẹ́tọ̀ọ́ láti yẹ ìwé ìṣirò wò. Kọ ọ́ pé bí ilé-iṣẹ́ rẹ̀ bá wọ gbèsè tàbí tó kógbá sílé, ẹ̀tọ́ fíìmù padà sọ́dọ̀ rẹ lójú ẹsẹ̀. Ìgbà tí wọ́n fẹ́ máa mú un dání sì ńkọ́? Wọ́n á kọ ọdún 15, ọdún 25, bí ẹni ń kọ ọjọ́ mẹ́ta. Jà fún ọdún márùn-ún sí méje. Mo ní fíìmù kan tó padà sọ́wọ́ mi lẹ́yìn ọdún mẹ́fà. Ọjọ́ tó padà dé gan-an ló tó bẹ̀rẹ̀ sí í bọ́ mi, nítorí mo gbé e lọ sórí àwọn ẹ̀rọ tí èèyàn ti ń wo fíìmù lọ́fẹ̀ẹ́ pẹ̀lú ìpolówó, bíi Tubi. Owó rẹ̀ ń kán bí omi láti ẹnu ẹ̀rọ tí wọn ò tì dáadáa, ṣùgbọ́n kò dá.

Bí a ṣe ń jẹun nídìí iṣẹ́ yìí gan-an nìyẹn. Omi tó ń kán láti ibi márùn-ún, mẹ́fà, mẹ́wàá. Fíìmù àkọ́kọ́ kọ́ ẹ ní iṣẹ́, èkejì jẹ́ kí wọ́n dá ẹ mọ̀, láti orí ẹ̀kẹta ni àwọn èèyàn ti máa ń pè ẹ́ dípò kí o máa pè wọ́n. Láàárín wọn, gbogbo wa la ní iṣẹ́ míì. Mo ti bá àwọn ẹlòmíì ṣe kòkárí owó lórí fíìmù wọn, mo ti kọ́ni, mo ti gé fídíò ìgbéyàwó. Iṣẹ́ ẹ́dítì tí o wà lẹ́nu rẹ̀ yìí, ẹ̀bùn ni: fíìmù rẹ kò ní sùn sínú dúrọ́ọ̀ nítorí owó ẹlẹ́dítì. Gba ìsinmi ọdún rẹ, fi ya fíìmù náà, kí o padà sẹ́nu iṣẹ́, kí o máa gé e lálẹ́. Ọjọ́ tí owó tó ń kán bá san owó ilé rẹ fún oṣù mẹ́fà léraléra, kọ̀wé sí mi, a óò jọ kọ lẹ́tà ìfiṣẹ́sílẹ̀ náà.

Ó ku ọ̀rọ̀ ọ̀rẹ́ rẹ tó ní kámẹ́rà. O kọ ọ́ bí ẹni pé ìyẹn ti parí, ṣùgbọ́n òun ló kọ mí lóminú jù nínú ìwé rẹ. Ṣé ó ń yá ẹ ní kámẹ́rà ni, àbí owó ló fi sí i? Ṣé òun ló máa darí ni, àbí ó kàn máa yàwòrán? Bó bá rí iṣẹ́ tó sanwó lọ́jọ́ kejìlá, ta ló ni ohun tí ẹ ti yà? Ẹ jókòó lọ́sẹ̀ yìí, ẹ̀yin méjèèjì, kí ẹ kọ ọ́ sí ojú ìwé kan, kí ẹ fọwọ́ sí i, kí ẹnì kọ̀ọ̀kan mú ẹ̀dà tirẹ̀. Bó bá ní ọ̀rọ̀ ìwé kò sí láàárín ọ̀rẹ́, ka ìtàn orin mi yẹn fún un.